Níbo Ni Wọ́n Lẹ Nóòtíìsì Igbó Ọba Mọ́?

Ọ̀rọ̀ tí akọ̀wé bá àwọn ọmọ ẹgbẹ́ sọ níbi ayẹyẹ àjọ̀dún ẹgbẹ́ alájẹṣẹ́kù wa

   

Wọ́n ní kí n sọ̀rọ̀ lórí ẹ̀yáwó. Ẹ̀yáwó náà ni mo fẹ́ sọ, ṣùgbọ́n inú igbó ni mo máa gbà kọjá. Ẹ ní sùúrù fún mi, ẹ ó rí ibi tí mò ń lọ.

Ẹ jẹ́ ká wo ọjà wa yìí. Ta ni kò fi igbó jẹun níbẹ̀? Ewé eéran tí a fi ń pọ́n mọ́ínmọ́ín, gbòdògì tí a fi ń di obì, ta ló gbìn ín? Inú igbó ni àwọn obìnrin ti ń já a wá. Àwọn oníìgbín ńkọ́? Àwọn tó ń ta pákò, àwọn tó ń ta àpọ̀n, àwọn eléédú, àwọn onígi ìdáná? Ọ̀gẹ̀dẹ̀ àgbagbà àti kókò tí ọkọ̀ ń já sílẹ̀ lọ́jọ́ ọjà náà, púpọ̀ nínú rẹ̀ ń ti inú igbó ọba wá, láti ọwọ́ àwọn àgbẹ̀ tí ìjọba fún láyè kí wọ́n máa dáko láàárín igi tíìkì àti mẹ̀línà tó ṣẹ̀ṣẹ̀ ń dàgbà. Tọ́ngíyà ni wọ́n ń pe irú oko bẹ́ẹ̀. Àgbẹ̀ á ṣe é ní ọdún méjì, ọdún mẹ́ta, títí igi á fi ga tí òjìji rẹ̀ á bo ilẹ̀, á wá kó lọ sí apá ibòmíràn.

Ilẹ̀ tí mò ń sọ yìí kì í ṣe ilẹ̀ ẹbí o. Igbó ọba ni. Ayé ìjọba Òyìnbó ni wọ́n ti ya ọ̀pọ̀ nínú wọn sọ́tọ̀. Olókèméjì, láàárín Ìbàdàn àti Abẹ́òkúta, ti wà láti 1899. Omo, tó wà ní Ìpínlẹ̀ Ògùn lónìí, wọ́n yà á sọ́tọ̀ ní 1925. Bẹ́ẹ̀ náà ni Gámbárí nítòsí Ìbàdàn, Ṣaṣa ní Ọ̀ṣun, Olúwa ní Oǹdó. Ọba Òyìnbó ti lọ, ìjọba ìpínlẹ̀ ló ń ṣàkóso wọn báyìí. Gómìnà lè ní kí wọ́n gé igi ibẹ̀ kí wọ́n tún òmíràn gbìn. Ó lè fi apá kan fún ilé-iṣẹ́ kan láti fi gbin ọ̀pẹ. Ó lè yọ ibì kan kúrò nínú igbó ọba pátápátá, kó di ilé tàbí ọ̀nà.

Mi ò sọ pé gbogbo ìpinnu bẹ́ẹ̀ ló burú. Bí wọn kò bá gé igi, a kò ní rí pákó kan ilé, ibi tí wọ́n bá sì tún gbìn, àwọn àgbẹ̀ wa ń rí àyè oko tuntun níbẹ̀. Ẹ má wá fi ojú burúkú wò mí bí mo bá sọ pé àwọn kan wà nínú wa níbí tí wọ́n ń ta èédú tí wọn kò lè sọ ibi tí igi rẹ̀ ti wá. Ohun tí mò ń bá jà ni kí ìpinnu ti wáyé, kó ti wọ inú ìwé, kó ti gba òǹtẹ̀, kí àwa tí ọ̀rọ̀ kàn wá jẹ́ ẹni ìkẹyìn tí yóò gbọ́.

Ẹ jẹ́ kí n sọ èyí tó ṣojú wa, mi ò ní dárúkọ ẹnikẹ́ni. Ọmọ ẹgbẹ́ wa kan yá owó, àwọn méjì sì ṣe onídùúró fún un. Ó pín owó náà fún àgbẹ̀ tọ́ngíyà mẹ́rin, àsansílẹ̀ ọ̀gẹ̀dẹ̀, bí gbogbo wa ṣe máa ń ṣe. Ó ku oṣù díẹ̀ kí ọ̀gẹ̀dẹ̀ gbó ni katapílà wọ oko. Àwọn àgbẹ̀ ní ẹnikẹ́ni kò sọ nǹkan kan fún àwọn. Ìyá wa sunkún dé káńsù. Ọkùnrin kan níbẹ̀ kò tilẹ̀ dìde lórí àga, ó kàn nawọ́ sí pátákó tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ àtẹ̀gùn. Nóòtíìsì náà wà níbẹ̀ lóòótọ́. Èdè Òyìnbó ni wọ́n fi kọ ọ́, ó ti lo oṣù mẹ́ta lára pátákó, ìwé ìpolówó ìsọjí kan sì ti bo ìdajì rẹ̀. Orúkọ igbó wà nínú ìdajì tí wọ́n bò. Oṣù mọ́kànlá gbáko ni àwọn onídùúró fi san gbèsè náà. Ẹ̀yin méjèèjì mọ ara yín, Ọlọ́run á san án padà fún yín.

Ṣé ẹ ti wá rí i báyìí pé ọ̀rọ̀ ẹ̀yáwó ni mò ń sọ?

A máa ń sọ pé ìjọba kò sọ fún wa. Ìgbà mìíràn wà tí òótọ́ ni. Ìgbà mìíràn sì wà tí wọ́n sọ, àmọ́ ibi tí ẹsẹ̀ wa kì í dé ni wọ́n ti sọ ọ́. Ibi tí wọ́n ti ń sọ ọ́ yẹn ni mo fẹ́ fi hàn yín.

Gáséètì ni mo máa kọ́kọ́ mú. Òun ni ìwé tí ìjọba ìpínlẹ̀ fi ń kéde òfin àti àṣẹ rẹ̀. Òfin igbó kan wà tí Ìwọ̀-Oòrùn Nàìjíríà lò, tí àwọn ìpínlẹ̀ wa sì jogún. Bí ìjọba bá fẹ́ sọ ilẹ̀ kan di igbó ọba, òfin náà ní kí wọ́n tẹ ìfilọ̀ sínú gáséètì, kí wọ́n sọ ibi tí ilẹ̀ náà ti bẹ̀rẹ̀ àti ibi tó parí sí, kí wọ́n sì yan òṣìṣẹ́ kan tí yóò gbọ́ ẹjọ́ àwọn tó ní ẹ̀tọ́ níbẹ̀. Kò tán síbẹ̀. Ó tún ní kí wọ́n ka ìfilọ̀ náà ní kóòtù ìbílẹ̀ ní èdè tí ará àdúgbò gbọ́, kí wọ́n sì fi tó àwọn ọba àti baálẹ̀ létí. Ẹ rí i pé Òyìnbó tó ṣe òfin yẹn pàápàá mọ̀ pé ìwé nìkan kò tó. Ṣùgbọ́n bí ìjọba bá fẹ́ yọ ilẹ̀ kúrò nínú igbó ọba ńkọ́? Lábẹ́ òfin àtijọ́ yẹn kan náà, àṣẹ tí wọ́n bá tẹ̀ sínú gáséètì ti tó. Nígbà tí wọ́n ń wọlé, wọ́n lu agogo. Nígbà tí wọ́n fẹ́ jáde, wọ́n ń yọ́ rìn. Àwọn ìpínlẹ̀ kan ti tún òfin tiwọn ṣe láti ìgbà náà, kí a béèrè èyí tí tiwa ń lò. Ṣùgbọ́n ohun tí mo fẹ́ kí ẹ mú lọ sílé ni pé ẹni tó ń fi igbó jẹun gbọ́dọ̀ mọ ọ̀nà ibi tí gáséètì wà.

Ọ́fíìsì ìtẹ̀wé ìjọba ní olú-ìlú ìpínlẹ̀ ni kí a ti béèrè rẹ̀. Bí a kò bá rí i níbẹ̀, kí a lọ sí ilé-iṣẹ́ ètò ìdájọ́. Àwọn gáséètì àtijọ́ wà ní ilé ìpamọ́ ìwé ìjọba àpapọ̀ nínú ọgbà Yunifásítì Ìbàdàn. Ẹ má fojú di èyí tó pẹ́ o. Bí ẹnì kan bá ní ibi tí àwọn obìnrin wa ti ń já ewé kò sí nínú igbó ọba rí, ìwé àtijọ́ yẹn ló máa sọ ibi tí ààlà wà.

Ìwé ìròyìn ló tẹ̀ lé e. Kì í ṣe ojú ìwé iwájú o, ẹ̀yìn ni, níbi tí wọ́n ń gbé òkú àti ìyípadà orúkọ sí. Lórí èyí, ẹ jẹ́ kí n mú yín rìn dé Ìpínlẹ̀ Cross River, nítorí ibẹ̀ ni ẹ̀rí wà pé ẹni tó bá tètè rí nóòtíìsì lè gba igbó rẹ̀ sílẹ̀.

Ìlú kan wà níbẹ̀ tí ń jẹ́ Ekuri, ní ìjọba ìbílẹ̀ Akamkpa. Igbó tiwọn kì í ṣe igbó ọba, igbó gbogbo ìlú ni, ó tó hẹ́kítà 33,600. Àwọn obìnrin ibẹ̀ ń já ewé afang, wọ́n ń ṣa àpọ̀n, wọ́n ń tà á bí àwa náà ṣe ń tà. Ní 2015, ìjọba ìpínlẹ̀ náà ní àwọn fẹ́ la ọ̀nà ńlá kan láti etí òkun lọ sí Benue, nǹkan bíi kìlómítà 260. Ta ni kò fẹ́ ọ̀nà? Ṣùgbọ́n nígbà tó di ọjọ́ 22 oṣù kìíní ọdún 2016, nóòtíìsì jáde nínú ìwé ìròyìn láti ọ̀dọ̀ kọmíṣọ́nà tó ń rí sí ọ̀rọ̀ ilẹ̀. Ó ní ìjọba ti gba gbogbo ẹ̀tọ́ tí ẹnikẹ́ni ní lórí ilẹ̀ tó wà ní kìlómítà 10 sí ọwọ́ ọ̀tún ọ̀nà náà àti kìlómítà 10 sí ọwọ́ òsì rẹ̀. Kìlómítà 20 lápapọ̀ nìyẹn, ní gbogbo gígùn ọ̀nà náà! Ìlú tí kò ní gbúròó mọ́tò kan láti ojú ọ̀nà yẹn á pàdánù oko, igbó àti ilé.

Àwọn ará Ekuri rí ìwé náà, wọn kò sì ju ọwọ́ sílẹ̀. Wọ́n kọ lẹ́tà, wọ́n ké sí àwọn oníròyìn, wọ́n ké sí àwọn ẹgbẹ́ tó ń dáàbò bo igbó nílé àti lókè òkun. Ìwé ẹ̀bẹ̀ tó dé Abuja, àwọn tó fọwọ́ sí i lé ní 250,000. Ilé-iṣẹ́ ètò àyíká ìjọba àpapọ̀ náà dúró lórí rẹ̀ pé àfi kí wọ́n ṣe àyẹ̀wò ohun tí iṣẹ́ náà máa fà kí wọ́n tó gé igi. Nígbà tó di 2017, ìjọba ìpínlẹ̀ dín kìlómítà 20 yẹn kù. Ẹ fojú díwọ̀n iye tó kù: mítà 70. Wọ́n fa gbogbo ìyókù padà.

Kì í ṣe pé àwọn ará Ekuri lówó jù wá lọ. Ẹgbẹ́ ni wọ́n ní. Ẹgbẹ́ tó ń bójú tó igbó yẹn ti wà tipẹ́tipẹ́, débi pé ní 2004 ó gba ẹ̀bùn Equator lọ́wọ́ àjọ ìṣọ̀kan àgbáyé. Nígbà tí ìwé jáde, wọn kò ṣẹ̀ṣẹ̀ máa wá ẹni tó máa kọ lẹ́tà. Akọ̀wé wà, ìwé àkọsílẹ̀ wà, àwọn tó mọ ààlà igbó wà. Àwa náà ní ẹgbẹ́, àbí? Kí la wá ń fi tiwa ṣe ju ká pín owó èrè lọ́dọọdún?

Mo mẹ́nu ba àyẹ̀wò kan ṣẹ̀ṣẹ̀. Àwọn òṣìṣẹ́ ìjọba ń pè é ní EIA. Òfin rẹ̀ ti wà láti 1992. Ó ní ẹni tó bá fẹ́ gé igi lórí ilẹ̀ tó tó hẹ́kítà 500, tàbí tó bá fẹ́ sọ igbó tó tó bẹ́ẹ̀ di oko, gbọ́dọ̀ kọ́kọ́ ṣe àyẹ̀wò ipa tí yóò ní lórí àyíká àti lórí àwọn ènìyàn. Hẹ́kítà 500 lé ní éékà 1,200. Bí igbó náà bá wà lórí òkè, hẹ́kítà 50 péré ti tó. Bí wọ́n bá kọ ìwé àyẹ̀wò náà tán, wọ́n á gbé e síta fún ọjọ́ iṣẹ́ 21 kí gbogbo ènìyàn lè kà á, kí wọ́n sì sọ tẹnu wọn. Wọ́n á polówó rẹ̀ nínú ìwé ìròyìn àti lórí rédíò, ìwé fúnra rẹ̀ á sì wà ní ilé-iṣẹ́ ètò àyíká àti ní sẹkitéríàtì ìjọba ìbílẹ̀ tí ọ̀rọ̀ kàn. Sátidé àti Sọ́ńdè kò sí nínú ọjọ́ 21 yẹn, torí náà ó lé díẹ̀ ní ọ̀sẹ̀ mẹ́rin. Bí a bá fi ọjà ọrún kà á, nǹkan bí ọjà méje nìyẹn. Ẹni tó bá dé ní ọjà kẹjọ, wọ́n ti palẹ̀ mọ́.

Lórí pátákó káńsù, mi ò ní sọ púpọ̀, ẹ ti gbọ́ ìtàn rẹ̀. Kìkì pé ẹ má fi ojú lásán wò ó, ẹ gbé ìwé tó bò ó sókè. Kí a sì máa béèrè ní ààfin náà, nítorí ìgbà mìíràn lẹ́tà ti dé ọwọ́ baálẹ̀, ó wà lábẹ́ ìrọ̀rí.

Èdè Òyìnbó ni nóòtíìsì wọ̀nyí máa ń jẹ́, nítorí náà ẹ̀yin ọmọ wa, iṣẹ́ dé. Ẹ mọ àwọn ọ̀rọ̀ yìí dáadáa bí ẹ bá rí wọn. “Dereservation” ni pé wọ́n fẹ́ yọ ilẹ̀ kúrò nínú igbó ọba. “Revocation” ni pé ìjọba ń gba ẹ̀tọ́ ilẹ̀ lọ́wọ́ ẹni tó ní i. “Concession” ni pé wọ́n ń fi igbó fún ẹnì kan tàbí ilé-iṣẹ́ kan láti lò fún ọdún púpọ̀. Ẹ má retí pé ẹ ó rí orúkọ abúlé yín níbẹ̀ o. Orúkọ igbó ọba ni wọ́n ń kọ, pẹ̀lú nọ́ńbà apá igbó àti nọ́ńbà máàpù. Ìyá tó ti ń já ewé níbẹ̀ fún ogún ọdún lè má mọ nọ́ńbà ibi tó dúró sí. Ẹ bi àwọn ẹ̀ṣọ́ igbó, àwọn mọ̀ ọ́n. Kí àwọn onítọ́ngíyà tí a ń bá ṣòwò náà sọ ọ́ fún wa, kí a kọ ọ́ sínú fọ́ọ̀mù ẹ̀yáwó. Ohun tí mo rò pé ó yẹ ká ṣe láti oṣù tó ń bọ̀ nìyẹn: ẹni tó bá fẹ́ fi owó ẹgbẹ́ san àsansílẹ̀ irè oko inú igbó ọba, kó sọ orúkọ igbó àti apá ibi tí oko náà wà kí onídùúró tó tọwọ́ bọ̀wé.

Ìdí tí mo fi le koko lórí èyí ni pé àgbẹ̀ tọ́ngíyà kò ní ilẹ̀. Àyè ni wọ́n fún un. Òfin ilẹ̀ ti 1978 ní kí wọ́n fún ẹni tó ni ilẹ̀ tàbí tó ń lò ó ní ìwé kí wọ́n tó gbà á, kí wọ́n mú un dé ọwọ́ rẹ̀ tàbí kí wọ́n lẹ̀ ẹ́ síbi tí yóò ti hàn. Ṣùgbọ́n ẹni tó ń dáko nínú ilẹ̀ ìjọba, ìjọba lè sọ pé òun kò jẹ ẹ́ ní irú ìwé bẹ́ẹ̀. Òun àti àwa tó ń bá a ra ọjà, àfi ká lajú wa.

Bí a kò bá wá rí nóòtíìsì kankan, tí a sì ń rí àwọn sọ̀fíyọ̀ tí wọ́n ń ri òpó mọ́lẹ̀ nínú igbó ńkọ́? Ẹ má lọ máa bá wọn jà. Ẹ jẹ́ ká kọ lẹ́tà. Òfin kan wà tí ààrẹ fọwọ́ sí ní ọjọ́ 28 oṣù karùn-ún ọdún 2011, tó fún gbogbo ènìyàn láṣẹ láti béèrè ìwé tó wà lọ́wọ́ ìjọba. Kò pọn dandan kí o sọ ìdí tí o fi ń béèrè. Ọjọ́ méje ni wọ́n ní láti fi dá ọ lóhùn, wọ́n sì lè fi ọjọ́ méje mìíràn kún un. Owó ṣíṣe ẹ̀dà ìwé nìkan ni wọ́n lè gbà. Bí wọ́n bá kọ̀, wọ́n gbọ́dọ̀ kọ ìdí rẹ̀ sílẹ̀, o sì ní ọgbọ̀n ọjọ́ láti gbé wọn lọ sí kóòtù. Ọ́fíìsì tó bá kọ̀ láìnídìí, owó ìtanràn rẹ̀ jẹ́ ₦500,000. Èyí tó dùn mọ́ mi jù nínú òfin náà ni pé ó rántí ẹni tí kò mọ̀wé. Irú ẹni bẹ́ẹ̀ lè rán ẹlòmíràn láti béèrè fún un, ó sì lè fi ẹnu béèrè, kí òṣìṣẹ́ ìjọba fúnra rẹ̀ kọ ọ́ sílẹ̀ kó sì fún un ní ẹ̀dà. Fún ọ̀pọ̀ ọdún ni àwọn ìpínlẹ̀ kan ń sọ pé òfin yẹn kò kan àwọn, pé ti Abuja ni. Ilé ẹjọ́ tó ga jù lọ ti yanjú ìyẹn ní oṣù kẹrin ọdún 2025: ó kan ìpínlẹ̀, ó kan ìjọba ìbílẹ̀ náà.

Lẹ́tà wa kò gbọ́dọ̀ jẹ́ ẹkún nìkan o. Kó sọ irú ẹni tí a jẹ́, kó sọ iye ìdì ewé tí ń ti inú igbó náà jáde wá sọ́jà wa lọ́sẹ̀ kan, iye obìnrin tó ń fi í tọ́ ọmọ, àti ọdún tó ti bẹ̀rẹ̀. Kí a ní kí wọ́n wá ṣàlàyé fún wa lédè Yorùbá. Ẹni tí kò lè kọ orúkọ rẹ̀, kó tẹ àtàǹpàkò. Kí a mú ẹ̀dà méjì lọ, kí wọ́n lu òǹtẹ̀ sí tiwa kí a tó kúrò ní ọ́fíìsì wọn. Lẹ́tà tí kò ní òǹtẹ̀, wọ́n á ní àwọn kò rí i.

Mo ti ra ìwé àkọsílẹ̀ kan fún iṣẹ́ yìí, aláwọ̀ ewé ni, ó wà lórí tábìlì alága níwájú. Mo ń wá ọmọ mẹ́rin tí wọ́n mọ̀wé kà dáadáa, ọmọ SS2 sókè. Ọ̀kan á máa lọ wo pátákó káńsù ní gbogbo ọjọ́ Mọ́ńdè. Ọ̀kan á máa yẹ ẹ̀yìn ìwé ìròyìn wò ní ilé ìkàwé. Ọ̀kan á máa bá mi lọ sí olú-ìlú lẹ́ẹ̀kan lóṣù nítorí gáséètì, ẹgbẹ́ á san owó ọkọ̀ rẹ̀. Ẹni kẹrin á máa tú ohun tí a bá rí sí Yorùbá, a ó sì máa kà á sókè ní ìpàdé kí a tó gba owó àjọ. Ìyá tó bá ní irú ọmọ bẹ́ẹ̀, kó mú un wá bá mi kí wọ́n tó gbé oúnjẹ jáde, nítorí bí wọ́n bá ti gbé e jáde tán, mo mọ̀ pé mi ò ní rí ẹnikẹ́ni mọ́.